Áyọ́ọ̀nù Yín Kò Jẹ̀bi

Dádì,

Ẹ má bínú sí ariwo tí mo pa lé yín lórí láàárọ̀. Mo ní áyọ́ọ̀nù yín ló fa aṣọ ilé-ìwé ọmọ wa gùn lápá òsì. Ẹ kàn gbé báàgì yín jáde.

Mo ti gbàgbé pé èmi ni mo rán an bẹ́ẹ̀. Ọdún mẹ́ta ni mo ti ń fi ìka méjì kún apá òsì gbogbo aṣọ rẹ̀, kí wọ́n má bàa rí i pé ẹ̀yìn rẹ̀ wọ́. Òní ló kọ́kọ́ wọ aṣọ ilé-ìwé látìgbà tí wọ́n ti ṣiṣẹ́ abẹ fún un. Dádì, ọmọ yín ti dúró ṣánṣán.

Mo rẹ́rìn-ín títí mo fi jókòó sílẹ̀. Ó ní kí n má pa òun lẹ́rìn-ín mọ́, ẹ̀yìn ń dun òun.

A ti lọ rí dókítà eegun fún àyẹ̀wò. Oúnjẹ wà nínú kúlà. Aṣọ rẹ̀ mọ́kànlá ni mo tẹ́ sórí bẹ́ẹ̀dì wa tí mo fẹ́ tún gé, ẹ wá ibòmíràn sùn. Nínú ilé yìí, aṣọ nìkan ló kù tó wọ́.