Alàgbà Ládòkun Ọ̀jẹ̀túndé: Adelé Ọ̀sẹ̀ Mẹ́fà Tó Di Ọdún Mọ́kànlá

A bí Alàgbà Samuel Ládòkun Ọ̀jẹ̀túndé ní agboolé Ọ̀jẹ̀túndé, ìlú Tẹ̀dé, ní ọjọ́ kẹrìnlá oṣù Kẹjọ ọdún 1957. Bàbá wọn, Jẹ́ẹ́dé Ọ̀jẹ̀túndé, jẹ́ àgbẹ̀ oníṣu. Ìyá wọn, Ojúọlápé, jẹ́ ọmọ Ogbooro. Láti kékeré ni wọ́n ti kìlọ̀ fún Bàbá pé kí wọ́n má ṣe jókòó sórí àga àgbàlagbà, bí onítọ̀hún kò tilẹ̀ sí nílé. Bàbá gba ẹ̀kọ́ yìí ju bó ti yẹ lọ.

Wọ́n kàwé ní Tẹ̀dé àti Ìsẹ́yìn, wọ́n sì di olùkọ́ ní ọdún 1978. Ní ọdún 1984, wọ́n fẹ́ ìyá wa, Àbígẹ́ẹ̀lì Mọ́ládé, tí í ṣe nọ́ọ̀sì. Ní ọdún 2012, wọ́n fẹ̀yìn tì pẹ̀lú ìpinnu láti gbin kaṣú sí Ìwéré-Ilé kí wọ́n sì máa sùn lọ́sàn-án.

Oorun ọ̀sán náà kò pé oṣù mẹ́ta. Ní oṣù Kìn-ín-ní ọdún 2013, kọ́lẹ́ẹ̀jì kan tí a kò ní dárúkọ, nítorí pé àwọn aṣojú wọn wà ní ìjókòó, bẹ Bàbá pé kí wọ́n wá bá Dókítà Kàdírì, ọ̀kan nínú àwọn olùkọ́ wọn, dele fún ọ̀sẹ̀ mẹ́fà. Dókítà lọ kọ́ ẹ̀kọ́ díẹ̀ sí i ní ìlú òyìnbó. Wọn kò padà wá. Ní gbogbo àárọ̀, Bàbá a máa kọ orúkọ Dókítà sínú ìwé tí àwọn olùkọ́ ń fọwọ́ sí, nítorí pé lójú tiwọn, ìwà àfojúdi ni kí adelé kọ orúkọ ara rẹ̀ síbi orúkọ onílé.

Báyìí ni ọdún méje ṣe kọjá. Owó oṣù ń wọ àpò Dókítà, owó ọkọ̀ nìkan ni Bàbá ń rí. Màmá a máa béèrè bóyá Dókítà Kàdírì ni ọkọ òun, kí òun lè mọ ẹni tí òun yóò bi ní owó ọbẹ̀. Ní ọdún 2016, kọ́lẹ́ẹ̀jì fún Dókítà ní àmì ẹ̀yẹ olùkọ́ tí kì í pa iṣẹ́ jẹ. Bàbá ló bá Dókítà gbà á. Màmá sì fi dé ìkòkò gààrí.

Ní ọdún 2020, Bàbá lọ bá akápò kọ́lẹ́ẹ̀jì láti béèrè owó wọn. Akápò ṣí ìwé, ó ní kò sí orúkọ Ọ̀jẹ̀túndé kankan níbẹ̀. Inú bí Bàbá gidigidi, ó sì dùn wọ́n. Ní ọjọ́ Ajé tó tẹ̀ lé e, orúkọ ara wọn ni wọ́n kọ sínú ìwé ìfọwọ́sí. Kọ́lẹ́ẹ̀jì fún wọn ní kúẹ́rì pé wọ́n ba ìwé jẹ́. Gbólóhùn kan péré ni Bàbá fi dáhùn: “Èmi ni mo wà níbẹ̀.” Bàbá kó àwọn adelé mẹ́rìnlá mìíràn tó wà ní kọ́lẹ́ẹ̀jì náà jọ, wọn kò sì jẹ́ kí àwọn aláṣẹ sinmi. Láti ìgbà náà, Bàbá kì í ka Bíbélì dípò ẹnikẹ́ni ní ṣọ́ọ̀ṣì, àfi bí orúkọ wọn bá wà nínú ètò ìsìn.

Ní ọdún 2023, kọ́lẹ́ẹ̀jì san owó láti ọdún 2020 fún gbogbo wọn, wọ́n sì ṣe é ní òfin pé kí adelé gba lẹ́tà ní ọjọ́ àkọ́kọ́ àti owó ní òpin oṣù. Bàbá kúrò níbẹ̀ ní ọdún 2024. Waheedat, akẹ́kọ̀ọ́ wọn àtijọ́, ló rọ́pò wọn. Ó gbé lẹ́tà tirẹ̀ wá hàn wọ́n lórí ibùsùn àìsàn. Wọ́n kà á lẹ́ẹ̀mejì, wọ́n sì sunkún.

Bàbá papò dà ní ọjọ́ kẹsàn-án oṣù Kẹwàá ọdún 2025. Wọ́n fi Màmá sílẹ̀, àti ọmọ mẹ́ta, Favour, Success àti Ọláídé, pẹ̀lú ọmọ-ọmọ márùn-ún. Favour jẹ́ agbẹjọ́rò. Ìwé lórí owó ọdún méje àkọ́kọ́ wà lọ́wọ́ rẹ̀. Kí àwọn aṣojú kọ́lẹ́ẹ̀jì jọ̀wọ́ rí i kí wọ́n tó jẹun.

Olùkọ́ wa, iṣẹ́ yín parí. Ibi tí ẹ wà yìí, ẹ kò bá ẹnikẹ́ni dele níbẹ̀. Tiyín ni. Ẹ sùn re o.