Ọ̀sẹ̀ Ọlọ́jọ́ Mẹ́sàn-án

Borokiri,
Port Harcourt.
Ọjọ́ kẹrìnlá, oṣù kẹsàn-án, ọdún 1976. Mo bi ènìyàn mẹ́ta kí n tó kọ ọ́.

Adéwálé ọmọ mi, Àkànní,

Ṣé dáadáa ni o wà ní Èkó níbẹ̀? Yẹ́misí ìyàwó wa ńkọ́? Ẹ̀kọ́ tí iléeṣẹ́ yín ní kí o lọ kọ́, ṣé ó ń wọ̀ ọ́ lórí? O kò ní lọ síbẹ̀ lásán, àwọn tó rán ọ lọ kò ní gbàgbé rẹ, ọ̀nà yóò là fún ẹ̀yin méjèèjì tí ẹ bá ń padà bọ̀. Àmín. Ní tiwa, ara wa le, ilé rẹ wà bí o ṣe fi í sílẹ̀, àfi òrùlé pálọ̀ tó ń jò, àti èmi ìyá rẹ tí inú ń bí láti ọjọ́ Jímọ̀ tó kọjá.

Jókòó kí o tó ka èyí tó kù. O mọ̀ pé láti ìgbà tí o ti mú mi kúrò ní Ìlárá wá síbi omi yìí ni mo ti wọ kíláàsì àwọn àgbà tí Tíṣà Àríyọ̀ ń ṣe fún àwa obìnrin Yorùbá ní gbọ̀ngàn ṣọ́ọ̀ṣì. Ọdún méjì gbáko. Ní oṣù tó kọjá, ní ọjọ́ Sátidé, Tíṣà ní ìdánwò tí a óò fi gba ìwé ẹ̀rí di ọ̀sẹ̀ mẹ́ta òní, kí kálukú máa kàwé nílé títí di ìgbà náà.

Ọjọ́ yẹn gan-an ni òjò ba kàlẹ́ńdà ara ògiri rẹ jẹ́, ni Rẹ̀mí ọmọ rẹ bá ní kí n má dààmú, òun ní òmíràn. Ó gbé e kọ́. Ó dára púpọ̀, ó fi rúlà fa ìlà sí i, ó kùn ún ní ọ̀dà mẹ́rin. Mo gbé awò mi sójú, mo kà á. Ọ̀sẹ̀ kan jẹ́ ọjọ́ mẹ́sàn-án, ọjọ́ kẹsàn-án ni wọ́n fi pupa kùn fún ìsinmi. Oṣù mẹ́jọ ni ó wà nínú ọdún, èyí àkọ́kọ́ ń jẹ́ Súlúmbà. Mo ní èdè Òyìnbó nìyẹn.

O óò bi mí pé kí ló dé tí n kò fura. Kí ni ǹ bá fura sí? Ṣé kì í ṣe ojú mi ni ìjọba ṣe kó ọkọ̀ kúrò lápá òsì bọ́ sí ọ̀tún? Wọ́n gba pọ́n-ùn àti ṣílè lọ́wọ́ wa, wọ́n kó náírà fún wa. Wọ́n sọ máìlì di kìlómítà. Lọ́dún yìí náà wọ́n tún pín ìpínlẹ̀ sí mọ́kàndínlógún. Mo ní ọjọ́ nìkan ni wọn kò tíì fọwọ́ kàn, wọ́n ti wá kàn án báyìí. Òṣùpá méjì ni wọ́n yà sí òkè kàlẹ́ńdà náà, mo sì mọ̀ lójú ẹsẹ̀ pé ti ìjọba àpapọ̀ ni èyí ńlá, kékeré ni ti ìpínlẹ̀ wa.

Mo ń fọṣọ lẹ́yìnkùlé ní àárọ̀ ọjọ́ kan, ni Ibiere aládùúgbò wa yọ sí mi pẹ̀lú Bíbélì lábẹ́ abíyá, ó ní, Mama, todé na Sọ́ńdè o! Mo ní Ọjọ́ Ìsinmi ti àwọn tí kò tíì gbọ́ nìyẹn, wọ́n ti sún un síwájú. Ó wò mí títí, ó ní òun máa gbàdúrà fún mi. Mo ní èmi náà á gbàdúrà fún un. Nígbà tí ọjọ́ ìsinmi tèmi pé, mo wọ aṣọ funfun, mo dé ṣọ́ọ̀ṣì, bàbá tó ń gbálẹ̀ nìkan ni mo bá. Mo kọ orin mẹ́ta ní èmi nìkan. Ó bi mí bóyá ẹnì kan kú ni.

Gbogbo ìgbà yìí, Rẹ̀mí ń rẹ́rìn-ín, ó ń di ikùn mú. Mo rò pé inú rẹ̀ kàn ń dùn ni.

Ọ̀sẹ̀ mẹ́ta mi pé. Mo wọ bùbá tí mo ti fi sítáàṣì sí, mo mú bíìrò méjì dání, mo lọ. Wọ́n ti ti gbọ̀ngàn pa. Falilat ni mo pàdé lójú ọ̀nà, Falilat tí kò mọ b yàtọ̀ sí d, ó gbé ìwé ẹ̀rí rẹ̀ dání nínú férémù onígíláàsì! Ó ní, Ìyá Wálé, a retí yín títí ní Sátidé, a ní ẹ̀rù ìdánwò ló bà yín tí ẹ sá. Èmi! Ọjọ́ kẹfà tí wọ́n ti ṣe é tán nìyẹn.

Mo padà sílé, mo fa Rẹ̀mí létí. Ìgbà yẹn ló tó jẹ́wọ́ pé kàlẹ́ńdà náà kì í ṣe ti ìjọba, ti ilẹ̀ kan ni tí òun fúnra òun dá, tó ń jẹ́ Zolámbà. Mo ní níbo ló wà. Ó ní inú orí òun ni. Ó ní omi ni gbogbo rẹ̀, ẹja ni wọ́n ń gùn níbẹ̀ bí ẹní gun kẹ̀kẹ́, òṣùpá méjì ló sì ń ràn lójú ọ̀run wọn. Mo ní ta ni gómìnà wọn. Ó ní òun ni ọbabìnrin. Mo ní ó dáa, kí Kábíyèsí dá Sátidé mi padà fún mi. Ó kọ́kọ́ bú sẹ́rìn-ín, ó tún bú sẹ́kún. Àkànní, ọmọ ọdún mọ́kànlá tí kò lè kí mi ẹ kú ìrọ̀lẹ́ kí ó má fi píjìn pa á pọ̀, òun ló dá odindi ayé! Mo sì yẹ oṣù mẹ́jẹ̀ẹ̀jọ wò, kò sí ọjọ́ iléèwé kan ṣoṣo níbẹ̀.

Tíṣà ní ó di ọdún tó ń bọ̀. Mo ní mo ti pé ọgọ́ta ọdún àti mẹ́ta, n kò ní ọdún tí mo lè fi ṣòfò. N kò kúrò lẹ́nu ọ̀nà rẹ̀ títí ó fi rántí pé àwọn kíláàsì ti Elelenwo lẹ́yìn ìlú yóò ṣe tiwọn ní Sátidé yìí, ó sì kọ ìwé kékeré lé mi lọ́wọ́ fún tíṣà ibẹ̀. Mo ní, Sátidé ti ta ni? Ó ní ti gbogbo ayé.

Rẹ̀mí ni yóò mú mi lọ. Ó ní òun ti sọ ọjọ́ náà di ọjọ́ ìsinmi ní Zolámbà, pé ẹnikẹ́ni kò gbọdọ̀ gun ẹja títí Màmá àgbà yóò fi kọ̀wé tán. N kò tíì dárí jì í. Mo kàn ní kí ó kọ òfin náà gàdàgbà sára kàlẹ́ńdà rẹ̀, kí ó sì fi àmì sórí orúkọ mi bó ṣe yẹ.

Jọ̀wọ́, fi owó ránṣẹ́ fún àtúnṣe òrùlé, àti owó fọ́tò tí wọn yóò lẹ̀ mọ́ ìwé ẹ̀rí. Fi kàlẹ́ńdà kan tí ó ní èdìdì báńkì lára kún un, kí o sì kọ orúkọ èmi gan-an sí àpòòwé rẹ̀, má kọ ti ọmọ rẹ.

Ọlọ́run yóò máa ṣọ́ àlọ àti àbọ̀ rẹ, ojú kò ní tì ọ́ láàrin ẹgbẹ́ rẹ, ohun tí o bá dáwọ́ lé yóò yọrí. Gbàdúrà fún mi ní Sátidé ní aago mẹ́wàá àárọ̀. Bí lẹ́tà yìí bá pẹ́ lọ́nà, gbà á náà nígbà tó bá dé ọwọ́ rẹ. Ọlọ́run kì í wo kàlẹ́ńdà.

Èmi ìyá rẹ,
Àkànkẹ́, tí ó fi ọwọ́ ara rẹ̀ kọ ọ́.