Demetrick Amos Gulley, Ọmọ Tí Wọ́n Fẹ́ Sọ Di Òpè

Nígbà tí wọ́n bí Demetrick Amos Gulley ní ọjọ́ kẹtàdínlógún oṣù kẹwàá ọdún 1984, baba rẹ̀ àgbà, Díákónì Amos Gulley, ọkọ mi, ṣì wà láyé, wọ́n ṣì ń gé igi páìnì nínú igbó. Ìyá rẹ̀, Verlene, ọmọ bíbí inú mi, ṣì wà láyé, ó ń bó ẹja àrọ̀ nílé iṣẹ́ ẹja tó wà lójú ọ̀nà odò. Pásítọ̀ Hosea Plummer ṣì wà láyé, pẹ̀lú ohùn wọn tó máa ń mi fèrèsé ṣọ́ọ̀ṣì. Èmi Ozella, ìyá Verlene, nìkan ló ṣẹ́ kù nínú àwọn tó gbọ́ igbe ọmọ náà lọ́jọ́ yẹn, ìdí nìyí tó fi jẹ́ pé èmi ni mo ń kọ ìtàn yìí lórúkọ ẹbí. Tarpley ní ìpínlẹ̀ Alabama níbí ni wọ́n bí i sí, nínú yàrá ẹ̀yìn ilé wa. Ọkùnrin tó bí i kò dúró. A ò ní dárúkọ rẹ̀, òun náà kò sì wá.

Ẹ̀yin ará tí ẹ wá bá wa kẹ́dùn, ẹbí Gulley kí yín. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ ka ìwé yìí délẹ̀, ẹ má ṣe fi fẹ́ atẹ́gùn sára nìkan. Àwọn kan wà tí wọ́n sọ pé láti ìbẹ̀rẹ̀ ni ọmọ yìí ti jẹ́ òpè tí orí rẹ̀ kò ṣiṣẹ́ dáadáa. Wọ́n sọ ọ́ lójú rẹ̀, wọ́n sì kọ ọ́ sílẹ̀. Irọ́ ni. Nítorí irọ́ yẹn ni ìtàn yìí ṣe gùn.

Ní ọdún 1991, nígbà Àjíǹde, àwọn ọmọdé ìjọ wa, Ìjọ Onítẹ̀bọmi Òkè Nébò, dúró níwájú láti sọ ọ̀rọ̀ tí kálukú kọ́ sórí, bí a ti máa ń ṣe lọ́dọọdún. Demetrick kò tí ì pé ọmọ ọdún méje. Ó sọ tirẹ̀ tán, ó jókòó. Ọmọ tó tẹ̀ lé e gbàgbé tirẹ̀, ó bẹ̀rẹ̀ sí í sunkún. Ohùn kan ti orí àga dáhùn, ó sọ ọ̀rọ̀ náà fún un. Ọmọ mìíràn tún há, ohùn yẹn tún sọ ọ́. Nígbà tó yá, kò dúró kí wọ́n há mọ́, ó ti ń sọ ọ́ ṣáájú wọn. Pásítọ̀ Plummer dìde, wọ́n ní, "Demetrick, ó tó! Jésù á jíǹde láìsí ìrànlọ́wọ́ rẹ. Jẹ́ kí àwọn tó kù sọ tiwọn!" Gbogbo ìjọ bú sẹ́rìn-ín. Ìyáàfin Lottie Bascomb ló kọ́ àwọn ọmọ náà lọ́rọ̀. Wọ́n ṣì wà láyé, wọ́n jókòó síwájú lónìí, wọ́n dé fìlà funfun. Ẹ bi wọ́n.

Olóògbé ṣe ìrìbọmi ní ọdún 1995. Baba rẹ̀ àgbà papò dà ní 1998, lẹ́yìn tí wọ́n ti fún un ní ìdajì orúkọ tó ń jẹ́. Ó jáde ilé ẹ̀kọ́ girama Tarpley ní 2002, ẹnì kan ṣoṣo ló ṣáájú rẹ̀ nínú kíláàsì. Ibẹ̀ náà ló ti bẹ̀rẹ̀ bọ́ọ̀lù tiwa níhìn-ín, èyí tí wọ́n ń gbé sábíyá sáré, tí wọ́n ń fi àṣíborí kọlu àṣíborí. Bọ́ọ̀lù ló gbé e dé yunifásítì, ṣùgbọ́n ìmọ̀ ìṣirò ló kà níbẹ̀, ó sì kà á yọrí. Ìwé ẹ̀rí rẹ̀ wà lára ògiri yàrá mi. Kí ẹni tó bá ń ṣiyèméjì nu ẹsẹ̀, kó wọlé wá wò ó.

Ní 2006, ẹgbẹ́ bọ́ọ̀lù ńlá kan ní àríwá pe orúkọ rẹ̀ lọ́jọ́ tó kẹ́yìn nínú àwọn ọjọ́ tí wọ́n fi ń yan ọmọ tuntun láti yunifásítì. Verlene ń dín ẹja lọ́wọ́. Ó sáré jáde sójú títì pẹ̀lú ṣíbí tí òróró ń kán lára rẹ̀, ó ń kígbe, "Wọ́n ti mú un o! Wọ́n ti mú ọmọ mi!" Àwọn aládùúgbò rò pé ọlọ́pàá ló mú un. A rẹ́rìn-ín títí, ẹja jóná.

Lára àwọn tó ń dí ọ̀nà ló wà. Iṣẹ́ rẹ̀ ni kó dúró láàárín, kó mọ ohun tí àwọn tó gbé bọ́ọ̀lù fẹ́ ṣe kí wọ́n tó ṣe é, kó kígbe rẹ̀ fún àwọn yòókù, kó sì fi ara rẹ̀ dá ẹni tó ń bọ̀ dúró. Lọ́dún kẹta, wọ́n fi rédíò kékeré sínú àṣíborí rẹ̀. Kóòṣì á sọ̀rọ̀ sí i létí láti ẹ̀gbẹ́ pápá, òun á sì to gbogbo wọn síbi tó yẹ kí èèyàn tó ṣẹ́jú. Ìwé ètò wọn nípọn ju Bíbélì tí mo fi ń lọ ṣọ́ọ̀ṣì lọ, orí ló sì fi ń gbé e kiri. Èwo nínú yín ló máa fa irú iṣẹ́ bẹ́ẹ̀ lé òpè lọ́wọ́?

Ẹ jẹ́ kí n wá sọ ibi tí wọ́n ti rí ọ̀rọ̀ òpè. Fúnra rẹ̀ ló sọ ọ́ fún wa lórí tábìlì, lọ́jọ́ Ìdúpẹ́ tí gbogbo ẹbí ń pé jọ jẹun lóṣù kọkànlá, ọdún tó kọ́kọ́ lọ. Lọ́dọọdún, kí ìdíje tó bẹ̀rẹ̀, wọ́n máa ń mú kálukú wọn jókòó síwájú kọ̀ǹpútà láti mọ bí orí rẹ̀ ṣe ń ṣiṣẹ́ nígbà tí ara rẹ̀ dá ṣáṣá. Wọ́n á fi ọ̀rọ̀ hàn án, wọ́n á gbé e kúrò, wọ́n á ní kó rántí. Bí ó bá wá fi orí gbá nǹkan láàárín ìdíje, á tún ìdánwò náà ṣe. Bí máàkì tó gbà bá wálẹ̀ ju ti àkọ́kọ́ lọ, wọn ò ní jẹ́ kó wọ pápá. Lọ́dún àkọ́kọ́ yẹn, bí Demetrick ṣe fẹ́ wọlé, àgbà kan nínú wọn tó ń jẹ́ Lonnie Stroud dì í lápá mú.

"Alabama, ibo lò ń sáré lọ bí ẹni tó fẹ́ gba ẹ̀bùn?"

"Ẹ̀gbọ́n, ìdánwò ni mo fẹ́ lọ ṣe."

"O fẹ́ ṣe é dáadáa ni?"

"Irú ìbéèrè wo nìyẹn, ẹ̀gbọ́n?"

"Gbọ́, ọmọ Mọ́mì. Bí o bá rántí gbogbo rẹ̀ lónìí, o ti ti ara rẹ mọ́ ìta. Lọ́jọ́ tí wọ́n bá gbá ọ lórí, wọ́n á gbé tòní síwájú, wọ́n á ní kí o lọ jókòó. Ẹlòmíì á wọ ipò rẹ, kò sì ní jáde mọ́. Ṣe bí òpè níbẹ̀. Nígbà náà, tí ojú rẹ bá ń ṣú lóòótọ́, kò sẹ́ni tó máa mọ̀."

Bí Demetrick ṣe sọ ọ́ fún wa tán ló bú sẹ́rìn-ín. Ìyá rẹ̀ ní, "Ìwọ tí o ń sọ ọ̀rọ̀ Àjíǹde gbogbo ọmọ ìjọ!" Ó ní, "Mọ́mì, lọ́jọ́ yẹn mo gbàgbé orúkọ ara mi!" Gbogbo wọn ló ń ṣe é, àwọn àgbà ló ń kọ́ àwọn ọ̀dọ́, lọ́dọọdún. Kóòṣì mọ̀. Dókítà tó jókòó síbẹ̀ mọ̀. Ẹni tó ka ìṣirò yọrí ní yunifásítì kò rántí ọ̀rọ̀ tí ọmọ iléewé lè rántí, ẹnikẹ́ni nínú wọn kò sì bi í pé kí ló dé. Ó rọ̀ wọ́n lọ́rùn bẹ́ẹ̀.

Ní 2009, Verlene fi wá sílẹ̀. Lọ́dún yẹn kan náà ni olóògbé gbé Tameka Rawls níyàwó ní Òkè Nébò, Ọlọ́run sì fi Amos kékeré àti Jolie ta wọ́n lọ́rẹ.

Ní oṣù kọkànlá ọdún 2010, gbogbo wa rí i lórí tẹlifíṣọ̀n. Ó tẹ orí ba, ó fi kọlu ọkùnrin ńlá kan, ó gbé e lulẹ̀, ó dìde, ó sì ṣìnà lọ sórí bẹ́ǹṣì ẹgbẹ́ kejì, ó jókòó sáàárín wọn. Àwọn tó ń sọ̀rọ̀ nínú tẹlifíṣọ̀n ń rẹ́rìn-ín. Mo dìde nínú yàrá mi bí ẹni pé mo lè dé ibẹ̀. Wọ́n mú un wọlé lọ, wọ́n fún un ní ìdánwò wọn. Máàkì tó gbà nígbà tó ń díbọ́n náà ló gbà nígbà tí kò díbọ́n. Wọ́n ní kò sí nǹkan kan. Kí eré tó parí, ó ti padà sórí pápá. Èyí tí a rí nìyẹn o. Èyí tí a ò rí ló pọ̀ jù.

Wọ́n jọ̀wọ́ rẹ̀ ní 2013. Ẹgbẹ́ mìíràn lò ó fún sáà kan, òun náà jọ̀wọ́ rẹ̀. Ó padà wálé, ó ń kọ́ àwọn ọmọ iléewé girama wa ní bọ́ọ̀lù, ó sì ń bá wọn ṣe ìṣirò lẹ́yìn eré láìgba kọ́bọ̀. Nígbà tó ṣe, kò rántí orúkọ àwọn ọmọ náà mọ́. Nígbà tó tún ṣe, kò mọ ọ̀nà ilé láti ọ̀dọ̀ adágún ẹja, ọ̀nà tó ti ń fẹsẹ̀ rìn láti kékeré. Iná kò gbọdọ̀ tàn sí i lójú. Inú bẹ̀rẹ̀ sí í bí i láìnídìí, ó ń fi ìkúùkù lu ògiri. Ní 2019, Tameka kó àwọn ọmọ lọ sí Birmingham nítorí ẹ̀rù. Ìjà kọ́. Òun náà jókòó síhìn-ín, ìyàwó ilé wa ni. Kí ẹnikẹ́ni má fi ojú ẹ̀gbẹ́ wò ó. Ẹ̀yin tí ẹ sì ń sọ lẹ́nu ọ̀nà ṣọ́ọ̀ṣì pé ọtí ni, tí ẹ tún wá jẹ búrẹ́dì àgbàdo wa lónìí, a rí yín.

Ní 2022, mo mú un lọ sọ́dọ̀ àwọn tó ń tọ́jú àwọn tó ti ta bọ́ọ̀lù rí, kí wọ́n lè gbà pé bọ́ọ̀lù ló ṣe é, kí wọ́n sì tọ́jú rẹ̀. Dókítà tí wọ́n yàn kò wò wá lójú. Kọ̀ǹpútà ló ń wò. Ó ní, "Ìyá, mo rí èsì ìdánwò rẹ̀ tọdún 2006, mo rí tòní. Kò sí ìyàtọ̀. Bí ọmọ yín ṣe rí látilẹ̀ nìyí. Àwọn kan wà tí orí wọn kì í fi bẹ́ẹ̀ pé."

Mo ní, "Ó ń díbọ́n ni! Gbogbo yín lẹ mọ̀ pé wọ́n ń díbọ́n!"

Ó ní, "Kí òun fúnra rẹ̀ sọ bẹ́ẹ̀ nígbà náà."

A jọ yíjú sí Demetrick. Ó ń wo bàtà rẹ̀. Kò rántí. Kò rántí Lonnie lẹ́nu ọ̀nà, kò rántí ẹ̀rín orí tábìlì, kò rántí pé òun díbọ́n rí. Nínú ọkọ̀, nígbà tí a ń bọ̀ wálé, ó ní, "Mama Zella, ṣé òótọ́ ni? Ṣé bí mo ṣe rí látilẹ̀ nìyí?"

Ẹ̀yin ará, wọ́n ti gba agbára rẹ̀, wọ́n ti gba ọpọlọ rẹ̀. Ọjọ́ yẹn ni wọ́n gba ẹni tó jẹ́ tẹ́lẹ̀ lọ́wọ́ rẹ̀. Èyí ni kò ní jẹ́ kí n dákẹ́.

Mo pe Lonnie Stroud lórí fóònù, mo ní kó wá jẹ́rìí. Ó sunkún. Ó ní, "Mama, tí mo bá sọ ọ́, wọ́n á ní oníjìbìtì ni gbogbo wa. Wọ́n á wo tèmi náà lẹ́ẹ̀kejì. Èmi náà ti ń gbàgbé nǹkan." Mo ní, "Nígbà tí o kọ́ ọ, ẹnu rẹ là." Ó pa fóònù. Òdòdó tó fi ránṣẹ́ fún ìsìnkú òní wà níta lẹ́gbẹ̀ẹ́ àtẹ̀gùn. Níta náà ló máa wà.

Láti ìgbà yẹn, iṣẹ́ kan ṣoṣo ni mo ní láyé, kí ọmọ yìí gbà pé òun kì í ṣe òpè. Mo gbé ìwé ẹ̀rí sílẹ̀ láti ara ògiri, mo fi í lé e lọ́wọ́. Ó ka orúkọ tó wà lórí rẹ̀, ó ní, "Ta ni Demetrick yìí?" Ìyáàfin Bascomb wá, wọ́n jókòó tì í, wọ́n sọ fún un bó ṣe sọ ọ̀rọ̀ Àjíǹde tiẹ̀ àti ti ẹlòmíràn. Ó rẹ́rìn-ín músẹ́. Ó ní, "Ẹ kàn ń ṣàánú mi ni, Mà." Ojoojúmọ́ ló ń bi mí ní ìbéèrè inú ọkọ̀ yẹn. Ojoojúmọ́ ni mo ń dá a lóhùn.

Olóògbé fi ìyàwó rẹ̀, Tameka, sílẹ̀ sáyé. Àti àwọn ọmọ rẹ̀, Amos àti Jolie. Àti àbúrò rẹ̀, Latrice. Àti èmi, ìyá rẹ̀ àgbà, tí kò yẹ kí n máa kọ irú ìwé yìí nípa ọmọ ọmọ mi. Amos, Jolie, ẹ tọ́jú ìwé yìí. Bí ẹnikẹ́ni bá sọ irú ẹni tí bàbá yín jẹ́ fún yín, ẹ nà án sí i.

Ní ọjọ́ Sátidé, ọjọ́ kẹsàn-án oṣù kẹta ọdún 2024, a jókòó sí ọ̀dẹ̀dẹ̀ níwájú ilé. Oòrùn ti yọ díẹ̀. Demetrick tún bi mí. Mo ní, "Rárá, ọmọ mi. Ìwọ ni orí rẹ̀ pé jù lọ nínú gbogbo ọmọ tó jáde láti ilé yìí." Ó ní, "Ẹ ṣé, Mà. Ẹ ṣèèyàn," bí ẹni tó ń dúpẹ́ lọ́wọ́ àlejò tó fún un lómi mu. Kí oòrùn tó dé àárín ọ̀run, gìrì mú un. Ọwọ́ mi ló dákẹ́ sí, ọkọ̀ ilé ìwòsàn tí a pè kò tí ì dé.

Kò gbà mí gbọ́ títí tó fi lọ. Ẹ̀yin, ẹ gbà mí gbọ́.

Sùn, Demetrick ọmọ Verlene. Kí Ẹni tó fi ọwọ́ Rẹ̀ mọ orí rẹ bó ṣe mọ ọ́ gbà á padà lọ́wọ́ wa.