Bàbá Yín Ń Retí Èsì Ọ̀rọ̀ Tí Wọ́n Sọ Sínú Kámẹ́rà

Ọmọ mi àtàtà,

Mo kí ọ o. Ṣé ara le? Ṣé iṣẹ́ ń lọ déédéé, ṣé o ń jẹun kánú? Ìlú ńlá kò ní gbé ọ mì láṣẹ Ọlọ́run. Àwa náà wà, adìẹ wa pa ọmọ mẹ́sàn-án, òrùlé ilé ìdáná sì ti ń jò, ṣùgbọ́n ìyẹn kọ́ ni mo torí ẹ̀ mú bírò.

Ó pé ọjọ́ mẹ́sàn-án lónìí tí bàbá yín ti bá ọ sọ̀rọ̀, o ò dáhùn. Kí ló dé? Níbi tí mo ti kọ́ ìmọ̀ ìṣòwò, wọ́n ní ọ̀rọ̀ kò gbọdọ̀ lò ju ọjọ́ mẹ́ta lọ lórí tábìlì kí èsì tó jáde.

Ṣé o rí i, àwọn tó ń ya fíìmù nípa iṣẹ́ oko ló wá síbí. Wọ́n gbé kámẹ́rà ẹlẹ́sẹ̀ mẹ́ta kalẹ̀ láàárín oko àgbàdo, ọ̀gá wọn, obìnrin kan tí ohùn ẹ̀ tutù, sì ní kí bàbá yín máa ṣiṣẹ́ wọn lọ, kí wọ́n máa wo ojú ẹ̀rọ náà, kí wọ́n máa sọ̀rọ̀ bíi pé ọmọ wọn tó wà ní ìlú ńlá ló wà níbẹ̀. Mo ní ó dáa bẹ́ẹ̀, èyí sàn ju fóònù lọ, káàdì ẹ̀ kì í tán. Mo gbá oko náà látòkè délẹ̀, mo wọ aṣọ tuntun fún bàbá yín, ọ̀gá ayàwòrán ní kí wọ́n bọ́ ọ, kí wọ́n wọ èyí tó ya. Mo bi í pé ọmọ wo ló fẹ́ rí bàbá ẹ̀ nínú àkísà. Ó bẹ̀ mí títí, mo gbà kí iṣẹ́ má baà falẹ̀.

Ọjọ́ mẹ́ta gbáko ni bàbá yín fi ṣàlàyé fún ọ bí a ṣe ń ṣa irúgbìn, ibi tí ààlà wa dé, àti ibi tí omi máa ń dá rogún sí. O ṣáà gbọ́? Lọ́jọ́ kẹta ni wọ́n gbé ọkọ́ sílẹ̀, wọ́n ní orúnkún àwọn kò gba iṣẹ́ oko mọ́, pé bí o bá fẹ́ ilẹ̀ náà, kí o wá kí òjò àkọ́kọ́ tó rọ̀, bí o ò bá sì fẹ́, àwọn á gbé e fún aládùúgbò wa, àwọn ò ní bínú sí ọ. Èmi tí a jọ ń sùn lórí ibùsùn kan náà, n ò gbọ́ nípa orúnkún yẹn rí! Ọ̀gá ayàwòrán bẹ̀rẹ̀ sí í nu ojú, mo ní kó lọ fi omi bọ́ ọ, eruku oko ti kó sí i lójú.

Wọ́n ti gbé ẹ̀rọ wọn lọ. Bàbá yín ní kí n má yọ ọ́ lẹ́nu, pé o ń rò ó ni. Ṣùgbọ́n láràárọ̀ ni wọ́n ń lọ dúró níwájú ihò mẹ́ta tí ẹsẹ̀ kámẹ́rà náà lu sílẹ̀, wọ́n á kí ọ, wọ́n á sọ iṣẹ́ òòjọ́ wọn fún ọ, wọ́n á dúró díẹ̀, kí wọ́n tó mú ọkọ́. Mo ní ẹ̀rọ ti lọ o. Wọ́n ní àwọn mọ̀, àmọ́ ibẹ̀ ni o wà.

Nítorí náà, fi owó òògùn orúnkún ránṣẹ́, tàbí kí o mú òògùn ọ̀hún bọ̀ fúnra rẹ, ìyẹn ló yá jù. Kí ọ̀nà là fún ọ, kí o bá wa láyọ̀, kí ọwọ́ rẹ má ṣe wálẹ̀ láé. Ojú ọ̀run ti ń ṣú lẹ́yìn oko. Má jẹ́ kí òjò dí ihò mẹ́ta yẹn kí o tó dé.

Èmi ni,
Ìyá rẹ.