Irú Ilà Ojú Mi ní Ṣáṣá

Ọjọ́rú, Ìgándò

Mo rí bàbá kan lọ́jà Ṣáṣá lónìí tó kọ irú àbàjà tèmi. Láti ìgbà tí ẹ̀gbọ́n mi ti kú, inú dígí nìkan ni mo ti ń rí i.

"Ọmọ ilé wa rèé!" Wọ́n di ọwọ́ mi mú.

Ọ̀yọ́ Ilé, níbi tí àwọn baba ńlá wa ti wá, tí ìlú púpọ̀ ń sìn nígbà kan, ti di igbó. Nígbà tí ogun tú àwọn ará ibẹ̀ ká, ilà yìí làwọn ará ilé fi ń dá ara wọn mọ̀.

"Ṣé ẹ kọ ọ́ fáwọn ọmọ?" bàbá náà bi mí. Mo ní rárá.

"Èmi náà ò kọ ọ́ fún tèmi."

Ojú wọn ti sọ ẹni tí wọ́n jẹ́ fún mi. Mo délé tán kí n tó rántí pé n ò béèrè orúkọ, n ò sì gba nọ́ńbà.