Omi Inú Ife Idẹ Mi

Ìyá mi, mo kí yín, mo kí bàbá àti ìyàwó mi. Ṣé ẹfọ̀n wa ti bímọ? Ẹsẹ̀ mi tí ìbọn bà ti ń san níbi tí wọ́n ti ń tọ́jú mi.

Ìyá, Mangtu, ọmọ àwọn agbálẹ̀ abúlé wa tí a kì í fara kàn, tí òun náà wà lẹ́nu iṣẹ́ ogun níbí, ló gbé mi kúrò lójú ogun nílẹ̀ Faransé. Ibẹ̀ ni ọta ti bà á. Ó ní, "Ọ̀gá, ẹ jọ̀ọ́, omi." Omi kún ife idẹ mi, ṣùgbọ́n ẹnu irú wọn kì í kan ife àwa tí ìran wa ga, kí ó má baà di aláìmọ́. Kí n tó rò ó tán bóyá kí n fún un, ó ti kú.

Ojú ń tì mí. Ẹ má ní orí mi dàrú o: ìyá mi, ẹ lọ tọrọ omi mímu nílé ìyá Mangtu lọ́sàn-án gangan, lójú gbogbo abúlé. Ọlọ́run á dá yín sí dè mí. Ife ti ìyá rẹ̀ ni kí ẹ fi mu ún.

Jailal