Ìkọ́kọrẹ́ tí Mubarakah Ń Jẹ

Ìjẹ̀bú-Òde,
Ọjọ́ Ẹtì, lẹ́yìn ìrun Jímọ̀.

Mubarakah, aya mi ọ̀wọ́n,

Kí àlàáfíà Ọlọ́run máa bá ọ gbé. Mo lérò pé ara rẹ le, pé àwọn aláìsàn tí ò ń tọ́jú ní ọsibítù Mínà kì í mú kí o gbàgbé oúnjẹ tìrẹ. Ara tèmi náà le. Ìwọ ni kò sí nílé.

Ilé yìí dákẹ́ jù. Oṣù kan péré la jọ lò lẹ́yìn ìgbéyàwó kí iṣẹ́ tó pè ọ́ lọ, n kò tíì mọ̀ ọ́ tán. Mo lè jókòó nídìí ẹ̀rọ ìránṣọ mi kí n máa rò ó: ẹ̀gbẹ́ wo lo fi ń sùn níbẹ̀? Ta ló ń bá ọ di irun? Ṣé o ṣì máa ń bá ara rẹ sọ̀rọ̀ bí o bá ń lọ aṣọ?

Nígbà tí ìbéèrè pọ̀ jù, mo gba Ìbẹfún lọ kí ìyá wa tó bí ọ. Mo dọ̀bálẹ̀ tán, wọ́n fún mi níjòkòó, ni mo bá bẹ̀rẹ̀ sí í fọ́nnu. Mo ní gbogbo ọjọ́ Àìkú tí o fi wà nílé ni mo máa ń rin ewùrà, tí mo máa ń se ìkọ́kọrẹ́ fún ọ, pé àwo lo máa ń lá. Màmá wò mí títí.

Wọ́n ní, "Yasir, ọmọ mi kì í jẹ ewùrà. Láti kékeré ló ti ń sá fún un."

Ojú tì mí, ẹ̀rín sì ń pa mí. Báwo lo ṣe ń gbé e mì? Ṣé kì í yún ọ lọ́fun ni?

Àmọ́ bí mo ṣe ń bọ̀ lọ́nà, ẹ̀rín tán lẹ́nu mi. Lórí fóònù, o ní o wà dáadáa, o ní kí n má ti ṣọ́ọ̀bù mi pa nítorí rẹ. Ohùn yẹn gan-an lo fi ń sọ pé ìkọ́kọrẹ́ mi dùn. Mubarakah, èwo ni kí n gbà gbọ́?

Àárò rẹ ń sọ mí gidi. Kò sí ìlú tí wọn kì í ti í ránṣọ, ẹ̀rọ mi á sì wọ mọ́tò. Bí o bá fẹ́ kí n wá, sọ pé kí n máa bọ̀. Bí o kò bá fẹ́, sọ ìyẹn náà, n kò ní bínú.

Kí Ọlọ́run ṣọ́ àlọ àti àbọ̀ rẹ, kí ó má jẹ́ kí ọ̀nà jíjìn sọ wá di àjèjì síra wa.

Èmi ni ọkọ rẹ tí ń retí òótọ́ ọ̀rọ̀,
Yasir.

Àfikún: Màmá ní kí n sọ fún ọ pé àwọn wà dáadáa, kí o má ronú àwọn rárá. Bí wọ́n ti ń sọ ọ́, ìṣẹ́tí ìró ni wọ́n fi ń nu omijé ojú. Mo ti wá mọ ẹni tí o jọ.